Ẹ Má Fi Ìgbéga Adájọ́ Tú Ẹjọ́ Wa Ká

Lẹ́tà gbangba sí Adájọ́ Àgbà fún orílẹ̀-èdè Nàìjíríà, Kudirat Kekere-Ekun

Ìyá wa,

Mo mọ̀ pé lẹ́tà tó ń wọlé tọ ẹni tó wà nípò yín kò lóǹkà, nítorí náà n kò ní fọ̀rọ̀ sábẹ́ ahọ́n sọ. Ìdájọ́ kan tí Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ dá lọ́jọ́ kẹjọ oṣù karùn-ún ọdún 2020 ló gbé mi dé ọ̀dọ̀ yín. Ẹ kò tíì dé orí àga Adájọ́ Àgbà nígbà náà, ẹ̀sùn kọ́ ni mo sì wá fi kàn yín. Ṣùgbọ́n ẹni tó jogún ilé ló jogún ibi tí òrùlé rẹ̀ ti ń jò, ilé ìdájọ́ orílẹ̀-èdè yìí sì ti wà lábẹ́ àbójútó yín láti oṣù kẹjọ ọdún 2024.

Ẹ jẹ́ kí n rán àwọn tó ń bá wa ka lẹ́tà yìí létí bí ọ̀rọ̀ ṣe rìn, ẹ̀yin fúnra yín mọ̀ ọ́n jù mí lọ. Ní ọdún 2007 ni EFCC, àjọ tó ń gbógun ti ìwà ọ̀daràn lórí owó, gbé Orji Uzor Kalu, tó ṣẹ̀ṣẹ̀ parí ọdún mẹ́jọ nípò gómìnà Ìpínlẹ̀ Abia, lọ sílé ẹjọ́ lórí owó ìpínlẹ̀ náà. Ẹjọ́ ọ̀hún kò tètè gbéra. Àríyànjiyàn lórí bóyá ó tiẹ̀ yẹ kí wọ́n gbọ́ ọ rárá gòkè títí dé Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ, ó sì di ọdún 2016 kí wọ́n tó ní kó padà sísàlẹ̀ lọ jẹ́jọ́. Níkẹyìn ó bọ́ sọ́wọ́ Adájọ́ Mohammed Idris nílé ẹjọ́ gíga ìjọba àpapọ̀ ní Èkó. Olùjẹ́jọ́ ti di mẹ́ta nígbà náà: Kalu, ilé iṣẹ́ rẹ̀ tó ń jẹ́ Slok, àti Jones Udeogu tó ti jẹ́ ọ̀gá ètò ìnáwó nílé ìjọba Abia. Owó tí wọ́n ń dárúkọ lé ní bílíọ̀nù méje náírà. EFCC pe ẹlẹ́rìí 19.

Ní oṣù kẹfà ọdún 2018, nígbà tí EFCC ti pe ẹlẹ́rìí tirẹ̀ tán, wọ́n gbé Adájọ́ Idris ga lọ sí ilé ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn. Láyé àtijọ́, ibẹ̀ ni ẹjọ́ náà ì bá forí ṣánpọ́n sí. Ṣùgbọ́n àwọn aṣòfin ti ro ti irú ọjọ́ bẹ́ẹ̀. Òfin ìgbẹ́jọ́ ọ̀daràn tí wọ́n ṣe ní 2015, èyí tí gbogbo lọ́yà ń pè ní ACJA, sọ ní ẹsẹ keje abala 396 pé adájọ́ ilé ẹjọ́ gíga tí wọ́n bá gbé ga lè padà wá parí ẹjọ́ ọ̀daràn tó ti gbọ́ dé ìdajì. Ààrẹ ilé ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn ìgbà náà, Zainab Bulkachuwa, fún Idris ní ìwé àṣẹ. Ó padà wá, ó gbọ́ ẹjọ́ náà tán, ó sì dá a lọ́jọ́ karùn-ún oṣù kejìlá ọdún 2019. Ẹ̀wọ̀n ọdún 12 fún Kalu, ọdún 10 fún Udeogu, kí dúkìá Slok sì di ti ìjọba.

Oṣù márùn-ún lẹ́yìn náà, gbogbo rẹ̀ fọ́ yángá. Adájọ́ méje jókòó lórí ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn tí Udeogu pè, ohùn wọn sì ṣọ̀kan. Adájọ́ Ejembi Eko ló kọ ìdájọ́ náà. Wọ́n ní adájọ́ tí wọ́n ti gbé ga kúrò nílé ẹjọ́ gíga kì í ṣe adájọ́ ilé ẹjọ́ gíga mọ́, kò sì sí òfin kan lábẹ́ Ìwé Òfin ilẹ̀ wa tó lè ní kó padà síbẹ̀ lọ jókòó. Wọ́n ní ẹsẹ keje abala 396 yẹn tako Ìwé Òfin, wọ́n sì fagi lé e. Ìwé àṣẹ Bulkachuwa kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Ìdájọ́ Idris di òfo. Kí Adájọ́ Àgbà ilé ẹjọ́ gíga ìjọba àpapọ̀ wá adájọ́ mìíràn, kí onítọ̀hún bẹ̀rẹ̀ ẹjọ́ náà láti orí ìlà àkọ́kọ́.

Ìyá wa, n kò wá bá yín jiyàn òfin. Lọ́yà kọ́ ni mí. Ẹni tó máa ń jókòó sórí bẹ́ǹṣì ẹ̀yìn ní kóòtù tó sì ń kọ ohun tó bá rí sínú ìwé ìròyìn ni mí. Ṣùgbọ́n mo ti ka ìwé tó pọ̀ díẹ̀ láti mọ̀ pé ohun tí àwọn adájọ́ méje yẹn sọ kò ṣàjèjì. Ní ọdún 1979, nínú ẹjọ́ Ogbunyiya àti Okudo, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ ti fagi lé ìdájọ́ tí adájọ́ ilé ẹjọ́ gíga kan kà lẹ́yìn tí ìgbéga rẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀. Abala 253 Ìwé Òfin sọ pé ilé ẹjọ́ gíga ìjọba àpapọ̀ pé nígbà tí ó kéré tán adájọ́ kan nínú àwọn adájọ́ ilé ẹjọ́ náà bá jókòó. Ẹni tó ti di adájọ́ ibòmíràn kò sí nínú wọn mọ́. Ó yé mi. Ìwé Òfin ga ju òfin tí ilé ìgbìmọ̀ ṣe lọ, abala àkọ́kọ́ rẹ̀ ló sọ bẹ́ẹ̀, bí a kò bá sì fẹ́ ohun tó wà nínú Ìwé Òfin, a mọ bí a ṣe ń tún un ṣe.

Ohun tí mo wá bá yín sọ ni pé ẹni tí ìyà ìdájọ́ yìí bọ́ sí lórí kò mọwọ́ mẹsẹ̀.

Ta ló gbé adájọ́ ga láàrin ẹjọ́? Olùjẹ́jọ́ kọ́. Ẹlẹ́rìí kọ́. NJC, ìgbìmọ̀ tó ń mójú tó ọ̀rọ̀ àwọn adájọ́, tí ẹ̀yin jẹ́ alága rẹ̀, ló ń fi orúkọ ránṣẹ́ sí Ààrẹ orílẹ̀-èdè, Ààrẹ a sì yan onítọ̀hún. Ẹ̀yin lẹ ń búra fún un. Láti ìgbà tí orúkọ bá ti ń yọ títí di ọjọ́ ìbúra, kò sí ìgbésẹ̀ kan tí ilé ìdájọ́ kò mọ̀ nípa rẹ̀. Ní oṣù kẹfà ọdún 2021, ọdún kan lẹ́yìn ìdájọ́ Udeogu, adájọ́ 18 ni wọ́n búra fún lọ́jọ́ kan ṣoṣo nílé ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn. Mo bá wọn yọ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo ń wo fọ́tò wọn nínú aṣọ ìgúnwà, tábìlì tí wọ́n dìde kúrò nídìí rẹ̀ ni ọkàn mi ń lọ sí, àti àwọn fáìlì tó wà lórí rẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí mo rí nínú kóòtù kan ní ilẹ̀ Yorùbá tí n kò ní dárúkọ. Ẹjọ́ ìdigunjalè ni. Ìyá aláṣọ kan ni ẹlẹ́rìí pàtàkì, ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ ni wọ́n fọ́, ọmọdékùnrin tó ń bá a tajà ni ìbọn bà. Nígbà àkọ́kọ́ tí ìyá yìí gun pákó ẹlẹ́rìí, adájọ́ ń fọwọ́ kọ gbogbo ọ̀rọ̀ rẹ̀ sílẹ̀, bí àwọn adájọ́ wa ṣe ń ṣe. Bí màmá bá ti sáré sọ̀rọ̀, adájọ́ á gbé ọwọ́ òsì sókè: "Ẹ dúró ná, Màmá, ẹ jẹ́ kí n bá yín." Màmá á dúró, á máa wo ìka adájọ́ bó ṣe ń rìn lórí ìwé, á sì tún bẹ̀rẹ̀. Ibi tó ti dé orí bí ọmọ náà ṣe ṣubú, ó dákẹ́, adájọ́ náà kò sì kán an lójú. Ọjọ́ náà gùn. Nígbà tó sọ̀ kalẹ̀, ó ní ọpẹ́lọpẹ́ Ọlọ́run, òun ti sọ ọ́ tán, òun kò ní tún un sọ mọ́ láyé.

Ó tún un sọ. Wọ́n gbé adájọ́ yẹn ga, fáìlì lọ sí kóòtù kejì, akọ̀wé kóòtù tún na Kùránì sí ìyá aláṣọ. Ó wo ìwé náà, ó wo akọ̀wé, ó ní, "Ẹ̀yin ọmọ yìí, ṣebí mo ti búra lórí èyí." Àwọn kan rẹ́rìn-ín ní ẹ̀yìn. Adájọ́ tuntun náà kò rẹ́rìn-ín; ó fi sùúrù ṣàlàyé fún un pé ìbúra tàkọ́kọ́ kò sí nílẹ̀ mọ́. Màmá bẹ̀rẹ̀. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ ti gbẹ lẹ́nu rẹ̀. Ó sáré fò ó bí ẹni tó ń ka ohun tí kò ṣẹlẹ̀ lójú òun.

Lẹ́yìn náà ni lọ́yà olùjẹ́jọ́ dìde, ìwé àkọsílẹ̀ ti àkọ́kọ́ sì wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ohun tó yà mí lẹ́nu nìyẹn, ó sì ń yà mí lẹ́nu di bí mo ṣe ń kọ lẹ́tà yìí. Àkọsílẹ̀ tí wọ́n ní kò níláárí mọ́ fún ìyá yìí láti fi jẹ́rìí, ó níláárí fún lọ́yà láti fi gún un. "Màmá, nígbà yẹn ẹ ní dúdú ni ṣẹ́ẹ̀tì ẹni tó yìnbọn. Lónìí ẹ ní aró. Èwo ni ká gbà?" Màmá ní òru ni, ó ní iná ti lọ, ó ní ó ti pẹ́. Lọ́yà náà ò ṣe ohun tó burú o, iṣẹ́ rẹ̀ ló ń ṣe, bó bá jẹ́ pé èmi ni mo háyà rẹ̀, ohun tí mo fẹ́ kó ṣe nìyẹn. Òfin fún un láyè. Òfin kan náà ló wá sọ pé ọ̀rọ̀ tí màmá sọ nígbà tí ó ṣì rántí dáadáa kò ṣeé gbé nǹkan kan lé lórí.

Bó bá jẹ́ pé ìyá náà ti kú, ọ̀rọ̀ rẹ̀ ì bá wúlò ju bó ṣe wúlò lọ. Ẹ má ṣe rò pé àwàdà ni mò ń ṣe. Abala 46 Òfin Ẹ̀rí ti ọdún 2011 gbà pé ẹ̀rí tí ènìyàn ti jẹ́ nínú ẹjọ́ tẹ́lẹ̀ lè wọlé bí onítọ̀hún bá ti kú tàbí tí a kò bá rí i mọ́. Ẹlẹ́rìí tó wà láàyè, tó fi ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ sílẹ̀, tó wọ mọ́tò wá, òun ni a ní kó wá fi ẹnu ara rẹ̀ ta ko ara rẹ̀.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má jẹ́ kí n gbàgbé olùjẹ́jọ́. Ọ̀dọ́mọkùnrin méjì ló wà nínú àhámọ́ kóòtù lọ́jọ́ náà, àti ti àkọ́kọ́, àti ti ìkejì. N kò mọ̀ bóyá wọ́n jalè. Ohun tí mo mọ̀ ni pé ní gbogbo àsìkò tí fáìlì fi ń wá adájọ́ tuntun, ọgbà ẹ̀wọ̀n ni wọ́n wà, nítorí ó ṣòro kí ẹni tí wọ́n fẹ̀sùn ìdigunjalè kàn tó rí béèlì gbà. Ìyá ọ̀kan nínú wọn ń gbé oúnjẹ wá nínú kúlà pupa kan. Ó ju mẹ́fà lọ nínú gbogbo mẹ́wàá tó wà lọ́gbà ẹ̀wọ̀n ilẹ̀ yìí tí wọn kò tíì dá lẹ́jọ́, ẹ̀yin náà sì ti gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn aláṣẹ ẹ̀wọ̀n ju bí mo ṣe gbọ́ ọ lọ. Abala 36 Ìwé Òfin sọ pé kí wọ́n gbọ́ ẹjọ́ ẹni láàrin àsìkò tó bójú mu. Ìwé Òfin kan náà tí a fi fagi lé abala 396 ni.

Mo wá fẹ́ kí ẹ fi àwọn ọmọ méjì yìí sí ẹ̀gbẹ́ ohun tó tẹ̀lé ìdájọ́ ọdún 2020. Ní oṣù kẹfà ọdún náà, Adájọ́ Mohammed Liman nílé ẹjọ́ gíga ìjọba àpapọ̀ ní Èkó pàṣẹ kí wọ́n tú Kalu sílẹ̀, ó sì jáde kúrò lẹ́wọ̀n. Mo rò pé ìyẹn tọ́: bí ìdájọ́ bá ti di òfo fún ẹni kan lórí pé adájọ́ kò lágbára, báwo ni yóò ṣe dúró fún ẹni kejì tí wọ́n jọ jẹ́jọ́ níwájú adájọ́ kan náà? EFCC ní àwọn máa tún ẹjọ́ bẹ̀rẹ̀. Nígbà tó di oṣù kẹsàn-án ọdún 2021, Adájọ́ Inyang Ekwo ní Àbújá ní kò sí ẹjọ́ kankan tí wọ́n máa tún bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú Kalu. Ó ní Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ kò pàṣẹ pé kí wọ́n tún Kalu gbọ́. Udeogu ló pe ẹjọ́, Udeogu ni àṣẹ náà bá wí. Abala 36 ẹsẹ kẹsàn-án sì sọ pé a kì í gbọ́ ẹjọ́ ẹnì kan lẹ́ẹ̀mejì láìjẹ́ pé ilé ẹjọ́ tó ga jù ló pàṣẹ bẹ́ẹ̀.

Mo fẹ́ kí ọ̀rọ̀ mi níbí yìí yé ènìyàn dáadáa. N kò sọ pé Kalu jẹ̀bi. Kò sí ìdájọ́ kankan lórí rẹ̀ lórí ọ̀rọ̀ yìí mọ́, ẹni tí kò bá sì sí ìdájọ́ lórí rẹ̀, aláìjẹ̀bi ni lójú òfin. Òun náà wà lẹ́nu ẹjọ́ fún ọdún 12, kì í ṣe ohun tí ènìyàn ń fẹ́ fún ọ̀tá rẹ̀. Ohun tó ń bí mi nínú ni pé àṣẹ kan tí wọ́n kọ ní Àbújá, tó ní kí ẹjọ́ padà sí ìbẹ̀rẹ̀, kò dárúkọ gbogbo àwọn tó wà nínú ẹjọ́ náà. Ó ku ìlà kan. Ìlà kan tí àwọn adájọ́ ìbá fi kún un pé "àti àwọn tí wọ́n jọ jẹ́jọ́." Nítorí ìlà kan yìí, owó Abia, ẹlẹ́rìí 19, àti ẹjọ́ ọdún 12, a kò ní mọ òtítọ́ ọ̀rọ̀ náà mọ́. Àwọn ará Abia kò ní mọ̀ bóyá wọ́n jí owó wọn. Kalu fúnra rẹ̀ kò ní ìwé tó sọ pé òun kò jí i. Ẹni tó ní lọ́yà ńlá rí ọ̀nà jáde. Àwọn ọmọ méjì tí mò ń sọ nínú àhámọ́, ìbẹ̀rẹ̀ ẹjọ́ ni ìbẹ̀rẹ̀ ẹ̀wọ̀n mìíràn fún wọn.

Kò pọn dandan kí bí ìdájọ́ tuntun ṣe ń dá ẹjọ́ padà rí báyìí. Ní Amẹ́ríkà, ó wọ́pọ̀ kí Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ wọn dá ẹjọ́ kan, kó wá kó àwọn ẹjọ́ mìíràn tó jọ ọ́ padà sísàlẹ̀ pé kí wọ́n fi ojú ìdájọ́ tuntun náà tún wọn wò. Ní oṣù kìíní ọdún 2005 tí wọ́n dá ẹjọ́ Booker, tí wọ́n ní ìlànà tí ìjọba àpapọ̀ fi ń ka ọdún ẹ̀wọ̀n kò ní jẹ́ kàn-ń-pá fún adájọ́ mọ́, ọgọ́rọ̀ọ̀rún ẹjọ́ ni wọ́n dá padà láàrin oṣù náà. Àṣẹ ìlà méjì mẹ́ta ni. Àṣẹ náà kò ní kí ẹlẹ́rìí padà wá búra. Iye ọdún ni ìdájọ́ tuntun kàn, iye ọdún ni wọ́n tún wò. Mo mọ̀ pé ọ̀rọ̀ ẹni tó lágbára láti jókòó yàtọ̀ sí ọ̀rọ̀ iye ọdún, àwọn lọ́yà ti ń mi orí sí mi bí wọ́n ṣe ń kà á. Ṣùgbọ́n ẹ tún wo ẹjọ́ Idris fúnra rẹ̀. Nígbà tí ẹlẹ́rìí 19 yẹn jẹ́rìí, adájọ́ ilé ẹjọ́ gíga pọ́ńbélé ni Idris. Kò tíì lọ ibì kankan. Agbára tó fi gbọ́ wọn pé. Ohun tó ṣe lẹ́yìn oṣù kẹfà ọdún 2018 ni àléébù wà lára rẹ̀. Kí ló dé tí èyí tó dára fi bá èyí tó bàjẹ́ lọ?

Èsì tí mo máa ń gbọ́ ni pé adájọ́ tuntun gbọ́dọ̀ fojú ara rẹ̀ rí ẹlẹ́rìí, kó wo ojú rẹ̀, kó gbọ́ bí ohùn rẹ̀ ṣe ń gbọ̀n. Òótọ́ ni, àwọn àgbà wa náà kò ní gbà kí ẹni tí kò sí níjókòó dá ẹjọ́. Ṣùgbọ́n ẹ̀rí wo ni oṣù mélòó kan tàbí ọdún mélòó kan fi sílẹ̀ lójú ìyá aláṣọ fún adájọ́ láti kà? Àárẹ̀ ni. Ẹlẹ́rìí ilé ìfowópamọ́ tó wá gbé ìwé àkáǹtì kalẹ̀ ńkọ́, tí iṣẹ́ rẹ̀ kò ju kó sọ pé "ìwé wa nìyí" lọ? Kí ni adájọ́ fẹ́ rí lójú ẹni yẹn?

Ìyá wa, ẹ̀yin náà gba ọ̀nà yìí kọjá. Ẹ ṣe májísíréètì, ẹ di adájọ́ ilé ẹjọ́ gíga Ìpínlẹ̀ Èkó ní 1996, ẹ jókòó lórí ẹjọ́ àwọn adigunjalè ní Ìkẹjà, ẹ kúrò níbẹ̀ lọ sí ilé ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn ní 2004. Ẹ mọ bó ṣe rí kí lẹ́tà ìgbéga dé nígbà tí ẹlẹ́rìí kẹta ṣì wà lórí pákó. Mo gbàgbọ́ pé kò sí Adájọ́ Àgbà kankan tí ọ̀rọ̀ yìí ì bá tètè yé ju ẹ̀yin lọ, ìdí nìyẹn tí n kò fi dúró de ẹni tó máa jẹ lẹ́yìn yín.

Ohun tí mò ń bẹ̀bẹ̀ fún kò nílò kí a dúró de ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin, ó kéré tán èyí tó pọ̀ jù nínú rẹ̀. Kí NJC tó fi orúkọ adájọ́ kankan ránṣẹ́ sí Ààrẹ, kí ó gba ìwé lọ́wọ́ rẹ̀ nípa gbogbo ẹjọ́ ọ̀daràn tó ti bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ́: ibi tí ọ̀kọ̀ọ̀kan dé, iye ẹlẹ́rìí tó kù, bóyá olùjẹ́jọ́ wà lẹ́wọ̀n. Kí wọ́n dáwọ́ gbígbé ẹjọ́ tuntun fún un dúró láti ọjọ́ náà. Èyí tó bá ku àlàyé ìkẹyìn lọ́yà àti ìdájọ́, kí ó kà á kí ìyànsípò tuntun rẹ̀ tó fẹsẹ̀ múlẹ̀; abala 294 tilẹ̀ ti fún un ní 90 ọjọ́ péré lẹ́yìn àlàyé ìkẹyìn láti dá a. Kí ẹ sún ọjọ́ ìyànsípò àti ìbúra síwájú fún ẹni tó bá nílò oṣù díẹ̀ sí i. Ọdún tí adájọ́ máa fẹ̀yìn tì ti di 70 fún gbogbo wọn láti 2023. Oṣù díẹ̀ kò ní ba iṣẹ́ ayé ẹnikẹ́ni jẹ́.

Wọ́n á ní ilé ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn ń pa ariwo àìtó adájọ́, a kò lè dúró. Wọ́n á tún ní bí a bá ṣe báyìí, adájọ́ tó ní ẹjọ́ púpọ̀ lọ́wọ́ nítorí pé ó ń ṣiṣẹ́ ni yóò pẹ́ lẹ́yìn ẹni tó ń sùn. Èyí àkọ́kọ́, mo gbọ́ ọ, ṣùgbọ́n ẹjọ́ tó bá tún bẹ̀rẹ̀ nísàlẹ̀ yóò padà gòkè wá bá wọn lọ́jọ́ kan, wọn ò jèrè nǹkan kan. Èyí ìkejì lágbára, n kò sì ní èsì tó tẹ́ mi lọ́rùn fún un, àyàfi pé kí ẹ máa ka ọjọ́ àgbà ipò adájọ́ bẹ́ẹ̀ láti ọjọ́ tí àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ búra. Ẹ̀yin lẹ mọ bí ẹ ṣe máa ṣe é.

Ti ilé ẹjọ́ yín fúnra rẹ̀ ńkọ́? Nígbàkígbà tí àṣẹ bá jáde pé kí ẹjọ́ padà sí ìbẹ̀rẹ̀, kí àṣẹ náà dárúkọ gbogbo olùjẹ́jọ́, ẹni tó pe ẹjọ́ àti ẹni tí kò pè é. Kí ó sọ èwo nínú ẹ̀rí àtijọ́ ni ìhà méjèèjì nínú ẹjọ́ lè fohùn ṣọ̀kan lé lórí pé kí adájọ́ tuntun kàn kà á nínú ìwé. Kí ó dá ọjọ́ fún un. Bí ẹni tó wà lẹ́wọ̀n bá máa tún bẹ̀rẹ̀ ẹjọ́ láìṣẹ̀, kí àṣẹ náà sọ ohun kan nípa béèlì rẹ̀.

Ìyókù wà lọ́wọ́ àwọn aṣòfin, mo sì ń fi ẹ̀dà lẹ́tà yìí ránṣẹ́ sí wọn. Bí Ìwé Òfin ni kò gbà kí adájọ́ padà wá parí ẹjọ́, kí wọ́n kọ ọ́ sínú Ìwé Òfin pé ó lè padà wá. Abala 9 ti sọ bí wọ́n ṣe ń ṣe é: ìdá méjì nínú mẹ́ta ilé ìgbìmọ̀ méjèèjì ní Àbújá, àti ilé ìgbìmọ̀ ìpínlẹ̀ 24 nínú 36. Wọ́n ti tún Ìwé Òfin yìí ṣe rí nítorí ọjọ́ ìdìbò, wọ́n tún un ṣe nítorí ọdún ìfẹ̀yìntì àwọn adájọ́. Bí ètò kan bá sì wà nílẹ̀ tẹ́lẹ̀ nínú ọ́fíìsì yín tàbí tiwọn tí àwa ará ìlú kò gbọ́ nípa rẹ̀, ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí a gbọ́.

Láìpẹ́, orúkọ àwọn tí wọ́n fẹ́ gbé ga yóò tún jáde nínú ìwé ìròyìn, pẹ̀lú fọ́tò wọn àti ìpínlẹ̀ tí wọ́n ti wá. Mo bẹ̀ yín, ẹ ní kí NJC tẹ ìwé kejì jáde lọ́jọ́ kan náà: iye ẹjọ́ ọ̀daràn tó wà lọ́wọ́ ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn, àti ọjọ́ tí wọ́n máa parí rẹ̀.

Èmi ni tiyín tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀,
Akọ̀ròyìn kan lórí bẹ́ǹṣì ẹ̀yìn